Àwọ̀n Ìyá Abigail

Agboolé Bádéjọ,
Òkè-Balógun,
Ẹ̀pẹ́.
Ọjọ́ Kẹsàn-án, Oṣù Kẹta, 1958.

Ṣàmsúdéènì, ọ̀rẹ́ mi àtìgbà èwe,

Ṣé dáadáa lẹ wà ní Kánò lọ́hùn-ún? Ṣẹ̀rífátù ìyàwó rẹ ńkọ́? Àwọn ọmọ ńkọ́? Mo gbọ́ pé oòrùn ti ń mú lọ́dọ̀ yín. Kí Ọlọ́run fi ìtura sí i. Ara tiwa le, àfi orúnkún Màmá tó ṣì ń yọ wọ́n lẹ́nu. Wọ́n ní kí n bi ọ́ bóyá o ti gbàgbé ọ̀nà ilé ni.

O béèrè Bísíríyù Ọláwuyì wa. Òótọ́ ni ohun tí o gbọ́. Ó ti fi Ilé Ìgbìmọ̀ Aṣòfin Ìbàdàn sílẹ̀, ó ti di adájọ́, Ẹ̀pẹ́ níbí ni wọ́n sì gbé e wá. Ẹni tá a jọ ń jí máńgòrò n'Íkòròdú, èmi ni ògbufọ̀ rẹ̀ ní kóòtù báyìí!

Ṣé o rántí Leah, Ìyá Abigail, opó Ìlàjẹ tó ń pẹja lábúlé kan létí ọ̀sà? Nígbà tí Bísíríyù ṣẹ̀ṣẹ̀ ń ṣe lọ́yà, àwọn kan fẹ́ lé obìnrin náà kúrò lórí ilẹ̀ tí ọkọ rẹ̀ fi sílẹ̀, wọ́n ní àjèjì ni. Bísíríyù bá a rojọ́, ó sì jàre. Ẹjọ́ yẹn ló sọ ọ́ di olókìkí tí wọ́n fi dìbò fún un. Nígbà tó dé Ìbàdàn, òun ló dìde tí wọ́n fi ṣòfin pé ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fi àwọ̀n olójú wẹ́wẹ́ pẹja mọ́, kí ọmọ ẹja lè ráyè dàgbà. Àwọ̀n tí wọ́n bá gbà, sísun ni.

Ǹjẹ́ o mọ ẹni tí ọlọ́pàá kọ́kọ́ mú wá síwájú rẹ̀ lórí òfin yìí? Ìyá Abigail ni. Bísíríyù ní kí wọ́n gbé ẹjọ́ náà fún adájọ́ mìíràn, torí oníbàárà òun ni ìyá náà tẹ́lẹ̀. Ìyá fárígá. "Ẹni tó mọ̀ mí ni kó dá mi lẹ́jọ́." Ọlọ́pàá náà ní kò burú. Ìyá wá ń rẹ́rìn-ín músẹ́ sí mi. Àánú rẹ̀ ṣe mí, torí mo mọ Bísíríyù.

Ìyá jẹ́wọ́ pé òun ló ni àwọ̀n. Ó ní ẹnikẹ́ni ò wá sọ fáwọn lábúlé pé òfin ti yí padà. Bísíríyù dá ẹjọ́ náà lédè òyìnbó gẹ́gẹ́ bí ìṣe kóòtù: kí wọ́n sun àwọ̀n. Bí mo ṣe lanu láti túmọ̀ rẹ̀, ó gbọ́wọ́ sókè.

"Tìrìmísíyù, jókòó. Èmi ni n ó sọ fún wọn."

Ó yíjú sí ìyá. "Ìyá, èmi ni mo ní kí wọ́n ṣe òfin yìí. Mi ò wá bi yín léèrè kí n tó ṣe é, mi ò sì fi àyè sílẹ̀ fún ẹni tí kò tíì gbọ́. Ẹ̀bi mi nìyẹn. Ṣùgbọ́n tí mo bá pa òfin tì torí yín lónìí, bí alágbára kan bá tún dé sórí ilẹ̀ yín lọ́la, kí lẹ ó dì mú?"

Ìyá tún gèlè rẹ̀ wé, ó jáde. Wọ́n sun àwọ̀n náà lẹ́yìn kóòtù. Bísíríyù dúró tì í títí iná fi kú. Òótọ́ dọ́jà, ó kùtà: àwọn ẹlẹ́ja bú u débi pé Mùnírátù ìyàwó rẹ̀ ò lè dé ọjà mọ́.

Bísíríyù lọ bá ẹni tó rọ́pò rẹ̀ n'Íbàdàn, ó ń bẹ̀ ẹ́ ṣáá. Lóṣù tó kọjá, wọ́n tún òfin náà ṣe, wọ́n fún àwọn apẹja láyè láti pààrọ̀ àwọ̀n wọn. Ti Ìyá Abigail ti jóná ní tirẹ̀.

Lọ́jọ́ Jímọ̀ mo bá ìyá létí ọ̀sà, òun àti Abigail ń hun àwọ̀n mìíràn. Mo bi í bóyá inú ṣì ń bí i.

"Ó ń bí mi. Àwọ̀n ọkọ mi ló sun." Ó fa okùn le. "Ṣùgbọ́n nínú gbogbo àwọn tó ti gba nǹkan lọ́wọ́ mi, òun nìkan ló wojú mi nígbà tó ń gbà á."

Mo sọ ọ́ fún Bísíríyù. Ó ní kí n wá ọkọ̀ ojú omi fún òun, òun fẹ́ lọ sábúlé náà, kí ìyá lè bínú sí òun lójúkorojú. Ọ̀la la ń lọ.

Bá mi kí Ṣẹ̀rífátù àtàwọn ọmọ. Bísíríyù ní kí o ṣàdúrà fún òun.

Èmi ni, tìrẹ láìyẹ̀,
Tìrìmísíyù Bádéjọ.