Èmi àti Ẹlẹ́kún Nínú Ara Kan

Ajé, ọjọ́ kejì oṣù Ìrì

Wọ́n pín mi lánàá, nínú ọpọ́n omi dúdú. Kò dùn mí rárá. Nígbà tí mo dìde, òjìji méjì ló wà nílẹ̀, ọ̀kan níwájú, ọ̀kan lẹ́yìn. Ti ẹ̀yìn ń gbọ̀n. Ẹlẹ́kún ni mo sọ ọ́.

Ẹ̀kọ́ tí wọ́n ń kọ́ni nílé ìtọ́jú yìí kò le. Ilé ni ara, wọ́n ní ẹni méjì ló ń gbé inú rẹ̀: ẹni tó ń ṣiṣẹ́ àti ẹni tó ń jẹ̀rora. Bí agogo ìrọ̀lẹ́ bá ti lù, ọ̀kan á lọ, èkejì á dé. Èmi lónìí, òun lọ́la. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, wọ́n á sé ẹnì kan mọ́ ẹ̀yìn. Onítọ̀hún á sùn, kò ní jí mọ́. Màmá mi ni yóò yan ẹni tó máa kù.

Ọ̀gá ilé ní kí kálukú ní ìwé tirẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má ka ti èkejì. Ẹ̀gún ni mo ń pè é — ó tín-ín-rín, ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ sì ń gún ni.

Màmá ló mú mi wá. Láti ìgbà tí ibà ti pa ọmọbìnrin mi, ọdún kan gbáko, mi ò lè di àlùmọ́gàjí mú. Aránṣọ tí kò lè gé aṣọ. Lónìí mo gé e, ó lọ tààrà. Mi ò fẹ́ sùn. Ẹlẹ́kún ni kó lọ sùn.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kẹrin

Ìdánwò dé. Màmá ti kó aṣọ kan wá lánàá, olómi ọsàn, èyí tí wọ́n ti rà fún ọmọ náà kó tó kú. Ẹ̀gún ní kí àwa méjèèjì rán an ní gáùn ọmọdé, kí kálukú rán apá kan.

Mo tẹ́ aṣọ sílẹ̀, mo dúró. Mi ò mọ bí ọmọ náà ṣe ga tó. Ọmọ tí mo bí. Ẹlẹ́kún ló kó gbogbo ìyẹn lọ. Àmọ́ ó ti fi ṣọ́ọ̀kì sàmì sí aṣọ lánàá, mo bá gé e tẹ̀ lé àmì rẹ̀. Màmá ní ó ṣe rẹ́gí. Mo gba ìyìn náà.

Ẹtì, ọjọ́ kẹfà

Mo tú gbogbo apá tí Ẹlẹ́kún rán.

Àìkú, ọjọ́ kẹjọ

Ó ti tún un rán. Ó tiẹ̀ dára ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Kò fẹjọ́ sùn.

Mo bi Alágogo ohun tí ẹni yẹn máa ń ṣe ní ọjọ́ tirẹ̀. Obìnrin tó ń lu agogo ni, ẹnu rẹ̀ kò lè gba nǹkan kan dúró. Ó ní ó ń ránṣọ, ó ń sunkún, Ẹlẹ́kún àti Màmá á máa sọ̀rọ̀ ọmọ náà, wọ́n á sì máa rẹ́rìn-ín láàárín ẹkún. Ẹ̀rín! Ògiri ni Màmá máa ń wò tí wọ́n bá wà lọ́dọ̀ mi. Inú bí mi. A kì í fi iná sórí òrùlé sùn. Mo ní láti ṣe nǹkan kan.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹwàá

Irin ìlọṣọ ti wà lórí ẹyin iná. Màá dúró títí Alágogo á fi di okùn agogo mú, màá wá gbé e lé ẹ̀yìn ọwọ́ òsì. Ìrora á bá Ẹlẹ́kún nílé, èmi á ti lọ.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kejìlá

Ó ṣì ń dùn, àmọ́ òun ló jẹ èyí tó gbóná. Alágogo ní igbe tó ké lé ẹyẹ lórí òrùlé. Lẹ́yìn náà, Ẹlẹ́kún fi òróró pa ojú egbò náà, ó fi aṣọ mímọ́ dì í, ó wá dá ìka sílẹ̀ kí n lè ríbi di abẹ́rẹ́ mú. Ó ní, “Ó ti rẹ òun náà ni.” Èmi ló ní lọ́kàn.

Mo rẹ́rìn-ín. Ẹni tí kò gbọ́n ni ààwẹ̀ ń gbò.

Àbámẹ́ta, ọjọ́ kẹrìnlá

Mo bá Màmá sọ ọ́ lójúkojú. Mo ní kí wọ́n rántí ọdún tó kọjá, ẹni tí wọ́n ń fún lóúnjẹ bí ọmọ ọwọ́. Ṣé ẹni yẹn ni wọ́n tún fẹ́ mú lọ sílé? Èmi ò ní yọ wọ́n lẹ́nu.

Wọ́n kàn bi mí pé kí ni ọmọ náà máa ń pè mí. Mo ní mi ò mọ̀. Wọ́n ní, “Ó dáa,” wọ́n sì dìde. Ẹ̀rù bà mí. Mo rò pé mo ti bà á jẹ́.

Ajé, ọjọ́ kẹrìndínlógún

Mo borí! Ẹ̀gún bi wọ́n léèrè, Màmá na ìka sí òjìji iwájú, wọ́n ní, “Ẹni yìí ni kó kù.” Agogo lù, mi ò lọ. Òjìji ẹ̀yìn wọ ilẹ̀ lọ bí omi inú iyanrìn. Ọ̀la, tèmi ni.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹtàdínlógún

Mo ti di ẹrù mi kí Màmá tó dé. Wọ́n ká gáùn olómi ọsàn náà sínú apẹ̀rẹ̀, wọ́n gbé ìwé Ẹlẹ́kún lé e. Mo ní, “Màmá, ṣé ká máa lọ?” Wọ́n ní, “Lọ síbo?”

Wọ́n ní gbogbo ọjọ́ tó jẹ́ ti ọmọ àwọn, ìyẹn Ẹlẹ́kún, ló fi ń bẹ àwọn pé òun fẹ́ sùn, ó ti rẹ òun. Wọ́n ní àwọn kọ́kọ́ kọ̀, àmọ́ àánú rẹ̀ ṣe àwọn. Ìdí tí wọ́n fi bi mí léèrè ní Àbámẹ́ta nìyẹn, bóyá nǹkan kan nínú ọmọ àwọn ṣì kù sára mi. Ká ní mo mọ ohun tí ọmọbìnrin mi ń pè mí ni, wọn ì bá mú mi relé. Wọ́n wá wo ojú mi, wọ́n ní, “Ẹ kú iṣẹ́ o,” bí oníbàárà ṣe ń kí aránṣọ, wọ́n sì fa ilẹ̀kùn dé.

Ó yẹ kí n sunkún. Mo jókòó dè é, kò wá. Ẹni tó mọ̀ ọ́n sun ti sùn lọ.

Ọwọ́ òsì mi ti ń ta mí burúkú láti àárọ̀. Mi ò mọ bí wọ́n ṣe ń dì í. Agogo ìrọ̀lẹ́ lù lẹ́ẹ̀kan, mo ní kí ẹni tó kàn wá gba ìrora náà. Èmi náà ni mo ṣì jókòó síbí.