Pòtétò Eléèpo Tí Mo Fi Orúkọ Rẹ Sè

                                                            Ilé Alàgbà Sámúẹ́lì,
                                                            Àdúgbò Natako,
                                                            Lọ́kọ́ja,
                                                            Ìpínlẹ̀ Kogí.
                                                            Ọjọ́ kẹtàlá, oṣù Ọ̀wàrà, 2024.

Dùnsìn mi àtàtà, ọ̀rẹ́ tí mo fi ṣe ìbejì,

Jọ̀wọ́, kí o tó ka ìlà kejì, wá ibì kan jókòó sí. Ọ̀rọ̀ tí mo ti ń sá fún láti àná nìyí, mo sì fẹ́ yára sọ ọ́ kí àyà mi má baà já: mo ti fi ọ́ tọrẹ. Ìyá ọkọ mi ń retí rẹ ní Mopa níbi Ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì wọn nínú oṣù tó ń bọ̀, ìwọ lo sì máa se pòtétò fún gbogbo ẹgbẹ́ àwọn ìyá. Wọ́n ti sọ fún ìyá ẹgbẹ́ lórí fóònù. Wọ́n ti ń wá ìkòkò tó tóbi. Má tíì bú mi o. Kà á tán ná.

Ó yá, jẹ́ kí n wá kí ọ bí ọmọ tí wọ́n kọ́. Ṣé àlàáfíà ni gbogbo yín wà ní Ìlọrin? Ẹsẹ̀ tó ń dun Màmá yín ńkọ́, ṣé ó ti fúyẹ́? Goodness ọmọ mi ńkọ́, ṣé ẹnu rẹ̀ ti ń yá bíi ti ìyá rẹ̀? Bàbá Goodness ńkọ́, ṣé iṣẹ́ ń lọ déédéé? Ilé ìdáná hòtẹ́ẹ̀lì tí o wà yẹn, kí Ọlọ́run má jẹ́ kí iná gáàsì jó ọ lọ́wọ́. Àwa níbí, a dúpẹ́. Odò kún, gbogbo wa ń yọjú wò ó láràárọ̀ bí ẹni ń wo àlejò tí kò tíì sọ ìgbà tó máa lọ, ṣùgbọ́n kò tíì yà sọ́dọ̀ wa.

O máa bi mí pé kí ló dé tí mi ò pè ọ́. Bí mo bá pè ọ́, ìdajì ọ̀rọ̀ lo máa gbọ́ tí o máa kígbe, o máa pa fóònù, ìdajì tó kù ló sì máa gbà mí sílẹ̀ lọ́wọ́ rẹ. Nítorí náà ni mo ṣe fún Kẹ́hìndé tó ń wa ọkọ̀ Ìlọrin ní lẹ́tà yìí. Lẹ́tà ò ṣeé pa lẹ́nu mọ́.

O mọ̀ pé mo ti já Ṣèyí lẹ́nu ọmú. Láti ìgbà náà ni olúwarẹ̀ ti ń bá oúnjẹ jà. Mo fi ògì sí i lẹ́nu, ó tu ú. Ẹ̀wà lílọ̀, ó tu ú. Iyán tí mo fi omi ọbẹ̀ rin títí ó fi rọ̀ bí ẹ̀kọ, ó tu ú sí mi láyà, ó tún rẹ́rìn-ín. Láràárọ̀ ni mo máa ń fi àtàǹpàkò àti ìka wọn apá rẹ̀ bóyá ó ti tín-ín-rín sí i. Alfred ọkọ mi ní nọ́ọ̀sì wọ̀n ọ́n, kò sí nǹkan kan tó ṣe é, pé èmi ni ẹ̀rù ń bà. Alfred yìí kan náà ló lọ ṣèèṣì sọ ọ́ fún ìyá rẹ̀! Màmá Mopa (bí a ṣe ń pè wọ́n nìyẹn) ò tilẹ̀ jẹ́ kó sọ ọ́ tán. Wọ́n ní, "Ẹ di ẹrù ọmọ mi. Mò ń bọ̀ wá mú un ní Sátidé. Tó bá ti mọ oúnjẹ jẹ, màá dá a padà fún yín."

Dùnsìn, ìgbà wo lọmọ máa ń mọ oúnjẹ jẹ lójú ìyá àgbà? Ẹ̀gbọ́n Alfred tí ìyá àgbà wọn mú lọ bẹ́ẹ̀, ìgbà tó fẹ́ wọ ilé ìwé girama ló padà sílé.

O sì rántí ọ̀rọ̀ iyán láàárín èmi àti Màmá. Nígbà tí wọ́n wá lọ́dún Àjíǹde, mo gúnyán fún wọn. Wọ́n ń ṣa kókó inú rẹ̀ sí etí àwo bí ẹni ń ṣa òkúta inú ẹ̀wà, nígbà tí wọ́n jẹun tán, wọ́n fi ohùn jẹ́jẹ́ sọ pé, "Ìyàwó mi, mo ti bá ọ kó àwọn ọmọ iyán rẹ jọ. Gbogbo wọn ló pé." Eyín ni mo fi rín ẹ̀rín yẹn. Inú balùwẹ̀ ni mo ti sun ẹkún rẹ̀.

Bí Sátidé ṣe ń sún mọ́lé ni mo bá pinnu pé mi ò ní gúnyán. Mo rántí pòtétò tí o sè nígbà ìkómọjáde Ṣèyí, tí o fi sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹja yíyan, tí èèpo rẹ̀ ń yọ níhìn-ín lọ́hùn-ún, tí aáyù àti efinrin ń ta sánsán nínú rẹ̀. O ní kí n má gún un o, kí n kàn fi síbí onígi tẹ̀ ẹ́, kí n fi kókó díẹ̀díẹ̀ sílẹ̀, pé kókó yẹn lẹwà rẹ̀. Oúnjẹ tí kókó jẹ́ ẹwà rẹ̀! Mo ní Ọlọ́run ti rántí mi.

Mo lọ sọ́dọ̀ Àlí tó ń ta pòtétò Jọ́ọ̀sì lẹ́bàá títì. Ó ní, "Haba, Màmá Ṣèyí! Gbogbo iṣu tuntun tó kún ọjà yìí?" Mo ní èmi àti iṣu ń jà. Alfred náà jí lọ sétí odò, ó ra ẹja àrọ̀ kan tó gbọ̀n ìrù dé ẹnu ilẹ̀kùn wa.

Ibi tí ọwọ́ mi ti dà mí nìyí. Mo bó ìdajì pòtétò náà, mo sè é. Nígbà tó jinná, ó funfun, ó ń rú èéfín, ó jọ iṣu. Àyà mi wá sọ pé, "Bí wọ́n bá tún ṣa kókó ńkọ́?" Ọwọ́ mi ò dúró gbọ́ ìyókù, odó ló lọ gbé. Ọmọ ilé oníyán, kí ni mo fẹ́ ṣe? Mo gún un. Lákọ̀ọ́kọ́, ó dùn ún wò. Mo ń lé kókó tó kẹ́yìn kiri inú odó bí ẹni ń lé eku. Àfi bó ṣe yí padà mọ́ mi lọ́wọ́. Ó ń dán, ó ń fà bí oje igi. Mo gbé ọmọ odó sókè, odó bá a lọ.

Patricia, ará Ígálà tó ń gbé yàrá kejì, yọrí lójú fèrèsé. "Mama Ṣèyí, wetin you dey pound? Na rubber?" Mo ní kó wá bá mi di odó mú. Ó dì í mú, mo fa ọmọ odó, àwa méjèèjì bá jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ gbì. Ó ń rẹ́rìn-ín. Èmi ò tíì mọ èwo ni màá ṣe nínú ẹ̀rín àti ẹkún.

Ìgbà yẹn gan-an ni mo gbọ́ ohùn tó ń kíni bí àwọn ará Mopa lẹ́nu géètì. "Òkun o! Òkun o, ẹ̀yin ará ilé! Láti títì ni mo ti ń gbọ́ ọmọ odó! Ìyàwó mi ti di akọni!" Màmá wọlé tẹ̀ríntẹ̀rín. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ wo inú odó, wọ́n fi ìka méjì mú díẹ̀, wọ́n nàró. Nǹkan náà bá wọn nàró, ó fà láti inú odó títí dé àgbọ̀n wọn. Wọ́n wò ó, wọ́n wò mí.

"Adéòkè, kí ló ya nílé yìí tí o fẹ́ lẹ̀?"

Patricia sá lọ. Màmá wọ yàrá, mo sì ń gbọ́ tí wọ́n ń fa síìpù báàgì, tí wọ́n ń ká aṣọ Ṣèyí sínú rẹ̀. Dùnsìn, ìró síìpù yẹn ló jí mi. Ìdajì pòtétò tó kù wà nínú abọ́, kò sì sí àyè à ń bó èèpo mọ́. Mo fi kànìnkànìn fọ̀ wọ́n títí wọ́n fi mọ́ tónítóní, mo dà wọ́n sínú omi tútù tòun ti iyọ̀ àti aáyù bí o ṣe wí, mo gbé e kaná. Nígbà tó jinná, mo ro omi rẹ̀ nù, mo jẹ́ kí ooru rẹ̀ fẹ́ lọ díẹ̀. Mo mú síbí onígi. Ìgbà yẹn ni Màmá gbé àpótí wọlé wá jókòó tì mí.

"Èèpo ńkọ́? Ṣé ewúrẹ́ la fẹ́ fún ni?"

"Dùnsìn ló ní kí n fi sílẹ̀, Mà."

"O ò ní tẹ̀ ẹ́ kúnná?"

"Dùnsìn ló ní kò gbọdọ̀ kúnná, Mà."

Mo da mílíìkì gbígbóná sí i, mo fi bọ́tà sí i, mo bu àlùbọ́sà tí mo ti dín títí ó fi pọ́n lé e, mo já efinrin sí i, mo wọ́n ìyèré. Gbogbo rẹ̀ pátá ni wọ́n bi mí, gbogbo rẹ̀ ni mo dì lé ọ lórí. Bí ẹrù bá fẹ́ wó pa ènìyàn, ó máa ń wá ọ̀rẹ́ tí á gbé e rù ni.

Wọ́n ní, "Dùnsìn yìí, ṣé ó lọ́kọ?"

Mo ní o lọ́kọ.

Wọ́n ní, "Ọkọ ọ̀hún ní sùúrù."

Mo gbé oúnjẹ kalẹ̀, ẹja láàárín, pòtétò lẹ́gbẹ̀ẹ́. Màmá bèèrè pé oúnjẹ dà. Alfred ṣàlàyé pé ẹ̀gbẹ́ ẹja ni pòtétò máa ń jókòó sí. Wọ́n ní, "Oúnjẹ tó ń jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ oúnjẹ, ìgbà wo lòun náà máa dàgbà?" Síbẹ̀ wọ́n fi ìka mú kókó kan tòun ti èèpo rẹ̀, wọ́n gbé e sókè láti yẹ̀ ẹ́ wò.

Ṣèyí ti di orúnkún wọn mú. Kí a tó ṣẹ́jú, ó ti já kókó náà gbà. Ó tẹ̀ ẹ́ mọ́wọ́, ó wò ó, ó jù ú sẹ́nu. Gbogbo wa ń retí ìgbà tó máa tu ú. Ó jẹ ẹ́. Ó gbé e mì! Ó tún na ọwọ́. Màmá fi síbí bu fún un, ó fi ọwọ́ gbá síbí dànù. Wọ́n gbé kókó mìíràn sí i látẹ́lẹwọ́, ó jẹ ẹ́, bọ́tà ń ṣàn dé ìgúnpá rẹ̀. Alfred ń wò mí, èmi ń wo ọ̀fun ọmọ mi.

Màmá rẹ́rìn-ín títí omi bọ́ lójú wọn. Wọ́n ní, "Ọmọ yìí ò kọ oúnjẹ. Síbí ló kọ̀! Bí bàbá rẹ̀ ṣe ṣe nìyẹn, ó fẹ́ fọwọ́ ara rẹ̀ jẹun." Kókó tó pa mí lẹ́kún lọ́dún Àjíǹde náà ló wá di ohun tí ọmọ mi lè dì mú.

Inú mi dùn, mo ní, "Màmá, èmi ni mo sè é o." Wọ́n wò mí, wọ́n ní, "Ọwọ́ rẹ ló sè é, orí Dùnsìn ló mọ̀ ọ́n." Ṣé o rí i? Bí mo ṣe kó gbogbo ẹ̀bi fún ọ, ìyìn bá a lọ. Ibẹ̀ ni wọ́n ti mú fóònù, tí wọ́n pe ìyá ẹgbẹ́.

Wọn ò mú Ṣèyí lọ. Wọ́n ní kó ṣì wà lọ́dọ̀ mi títí di Ìkórè, kí èmi àti ìwọ gbé e wá, kí wọ́n rí i bóyá ó ṣì ń jẹun, kí àwọn ẹgbẹ́ wọn sì rí ẹni tó ní kí wọ́n má bó èèpo. Mo bi wọ́n pé ṣé kí n tú báàgì rẹ̀. Wọ́n ní, "Jẹ́ kó wà bẹ́ẹ̀ ná." Ẹ̀yìn ilẹ̀kùn ló wà, inú báàgì náà ni mo ti mú aṣọ wọ̀ ọ́ láàárọ̀ yìí.

Bá mi kí Màmá yín, bá mi kí Bàbá Goodness onísùúrù, fẹnu ko Goodness lẹ́nu fún mi. Alfred ní òun máa sanwó ọkọ̀ rẹ àtàlọ àtàbọ̀. Patricia náà ní kí n kí Àǹtí Pòtétò. Odó wa ṣì wà nínú omi láti àná, kò tíì jọ̀wọ́ gbogbo rẹ̀.

Ṣé wàá wá? Ọjọ́rú ni Kẹ́hìndé ń padà bọ̀. Jọ̀wọ́, fi èsì rán an sí mi, ì báà ṣe ìlà kan péré.

                                                            Èmi ni, ọ̀rẹ́ rẹ tó fi orúkọ rẹ bọ́ ọmọ,
                                                            Adéòkè (Ìyá Ṣèyí).