Ewé Namele Tí A Dè Mọ́ Fóònù

Tabi, ọmọ mi,

Ká tó kí ara wa, jẹ́ ká yanjú gbèsè. Àkùkọ tí o gbé lọ sí ìlú Vila nígbà Kérésì, ẹgbẹ̀rún kan fátù ni mo dá lé e, o ti san ìdajì, ìdajì kù.

Ó yá, ṣé àlàáfíà ni o wà? Àwa náà wà. Iṣu ta dáadáa, bàbá rẹ sì ń mu omi gbòǹgbò kafa bí ẹni tí wọ́n fẹ́ gbà á lọ́wọ́ ẹ̀ lọ́la. Òkun ò ní gbé ọ, ọ̀rẹ́ burúkú ò ní mọ ilé rẹ.

Ọ̀rọ̀ tó wà nílẹ̀ rèé. Káàdì tí o rà sínú fóònù mi, n ò fẹ́ kí àwọn àbúrò rẹ jẹ ẹ́, ni mo bá ní kí bàbá àgbà rẹ, Bulesap, fi ewé namele, ewé èèwọ̀ wa, dè fóònù náà, bí wọ́n ṣe ń fi dí etí òkun kí ẹnikẹ́ni má pa ẹja títí di ọjọ́ àsè. Ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kàn án. Lópin oṣù mo tú ewé, owó ti lọ. Tíṣà abúlé wa sọ pé iléeṣẹ́ fóònù ló gbà á padà, torí n ò tètè ná an. Bàbá àgbà ní ṣé iléeṣẹ́ náà ò rí ewé ni? Bàbá ní ẹni tó bá ré namele kọjá, ẹlẹ́dẹ̀ tí eyín rẹ̀ ti ká bí òrùka ni yóò fi san ìtanràn.

Ọ̀sẹ̀ tó kọjá, iléeṣẹ́ yẹn kan náà fẹ́ wá ri òpó fóònù sórí òkè wa. Bàbá àgbà ti ri namele sójú ọ̀nà. Àwọn tó ru irin, ọmọ erékùṣù wa ni wọ́n, wọ́n sọ ẹrù kalẹ̀, wọ́n ní ẹsẹ̀ àwọn ò ní kọjá ibẹ̀. Ọ̀gá wọn rẹ́rìn-ín, ó fi àwòrán ẹlẹ́dẹ̀ kan han Bàbá nínú fóònù, ó ní kí wọ́n gba ìyẹn. Bàbá wò ó pẹ́. Bàbá ní ẹlẹ́dẹ̀ náà dára, ṣùgbọ́n eyín rẹ̀ ò tíì ká, kí wọ́n máa bọ́ ọ lọ.

Èmi náà fẹ́ òpó yẹn o, torí igi máńgòrò ni mò ń gùn kí n tó gbọ́ ohùn rẹ. Ṣùgbọ́n tí wọ́n bá ré ewé kọjá lọ́fẹ̀ẹ́ lẹ́ẹ̀kan, ta ni yóò tún bọ̀wọ̀ fún un létí òkun? Ẹja mélòó ni yóò kù fún àwọn ọmọ rẹ?

Nítorí náà, lọ bá ọ̀gá àgbà wọn ní Vila, fi ẹ̀sọ̀ bá a sọ ọ́. Sọ fún un pé ẹlẹ́dẹ̀ tí eyín rẹ̀ ti ká dáadáa wà lábúlé wa níbí, ogójì ẹgbẹ̀rún fátù, kò sí ẹ̀dínwó. Má sọ pé èmi ni mo ni ín.

Fi ìdajì owó àkùkọ ránṣẹ́, kí o fi díẹ̀ lé e fún iyọ̀ àti kẹrosíìnì. Orí àwọn baba rẹ yóò máa ṣáájú rẹ.

Ọjọ́bọ̀ ni ọkọ̀ ojú omi ń dé. Ọjọ́bọ̀ yìí ni mò ń retí èsì rẹ.

Ìyá rẹ,
Mabon